Èéfín Ìlú Yín Tó Wà Nínú Igi Ẹ̀yìnkùlé Wa

Ọmọ mi ọ̀wọ́n, àbíkẹ́yìn mi tó fi ẹ̀rín jọ mí,

Mo kí ọ kú iṣẹ́, mo kí ọ kú ìrìn, mo kí ọ kú ọjọ́ mẹ́ta. Mo kí àwọn tí ẹ jọ ń gbé ilé, mo sì kí ọ̀gá rẹ níbi iṣẹ́, bí kò tilẹ̀ ní dáhùn. Ọlọ́run yóò ṣọ́ àlọ rẹ, yóò ṣọ́ àbọ̀ rẹ, mọ́tò tí o bá wọ̀ yóò mọ ọ̀nà débi tó ń lọ, ẹni tó bá jókòó tì ọ́ nínú rẹ̀ kò ní jẹ́ ẹni burúkú. Ìyá rẹ ní kí n kí ọ, ó sì ní kí n tètè kọ ọ́ síwájú ọ̀rọ̀ mìíràn pé òun kò ṣàìsàn, torí pé ọkàn rẹ kò ní balẹ̀ bí o kò bá kọ́kọ́ rí ìyẹn. Ó ṣì máa ń wúkọ́ bó bá ń dáná, ṣùgbọ́n ó ń jẹun, ó ń bá mi jà, ara rẹ̀ yá.

Èmi náà wà. Eyín mi tó ń dùn mí nígbà tí o wá kẹ́yìn ti já fúnra rẹ̀, mo rò pé mo gbé e mì pẹ̀lú oúnjẹ. Ewúrẹ́ bí ìbejì, ọ̀kan dúdú, ọ̀kan kò tíì pinnu àwọ̀ tó fẹ́. Kò sí ẹni tó kú, kò sí ẹni tó sá lọ. Gbogbo nǹkan wà bó ṣe yẹ kó wà, àfi yàrá rẹ. Yàrá rẹ kò sí mọ́. Má tíì bínú o, má sì tíì bẹ̀rù, jókòó kí n to ọ̀rọ̀ náà fún ọ bó ṣe rìn, torí pé ó rú èmi gan-an lójú títí di òní, bóyá ìwọ tó lọ sílé ìwé lè bá mi wò ó.

Ní ìparí ẹ̀ẹ̀rùn, obìnrin kan wá sí abúlé wa pẹ̀lú mọ́tò kan tó kún fún okùn, àpò àti bàtà òjò. Orúkọ rẹ̀ gùn, kò sì dúró sí wa lẹ́nu, nítorí náà Onítéépù la sọ ọ́, torí pé téépù bíi ti télọ̀ ló ń gbé kọ́rùn, igi ló sì fi ń wọ̀n. Yóò dì mọ́ igi, yóò yí téépù ká a níbi tó bá àyà rẹ̀ dọ́gba, yóò tẹ iye rẹ̀ sínú fóònù, yóò tún kọjú fóònù náà sókè, fóònù yóò sì sọ bí igi ṣe ga tó. Mo bi í pé ṣé wọ́n fẹ́ rán aṣọ fún igi ni. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní rárá. Mo ní kó bá mi kọjú fóònù náà sí ara mi, kó wo iye tó kù fún mi láyé. Ó ní kò ṣe irú iṣẹ́ yẹn. Ó dùn mí díẹ̀, mo ti wẹ̀ nítorí rẹ̀.

Ó pe gbogbo wa jọ sábẹ́ òrùlé ilé ìwé, ó ṣàlàyé. Ó ní èéfín tí àwọn mọ́tò àti àwọn ilé iṣẹ́ ńláńlá ń tú jáde ní ìlú yín ń gòkè lọ, ó ń kóra jọ sójú sánmà, òun ló ń jẹ́ kí ooru máa pọ̀ sí i, òun ló sì da òjò rú tí àgbàdo wa fi gbẹ lójú poro lọ́dún tó kọjá tí a tún un gbìn. Ó ní àwọn igi ń fa èyí tó wà nínú afẹ́fẹ́ sára, wọ́n ń tọ́jú rẹ̀, ilẹ̀ náà ń tọ́jú tirẹ̀. Ó ní bí ènìyàn bá gé igi tó sì dáná sun ún, gbogbo ohun tó ti tọ́jú láti kékeré ni yóò padà jáde. Ó ní òun yóò so páànù pẹlẹbẹ kan tó ní nọ́ńbà mọ́ àwọn igi ńláńlá, kí ẹnikẹ́ni má gé èyí tó bá ní páànù lára láìjẹ́ pé òun gbọ́. Àwọn tó rán an wá sì ṣèlérí ẹ̀rọ omi fún abúlé bí a bá tọ́jú igbó wa, ìyẹn ni gbogbo wa fi pàtẹ́wọ́.

Ọmọ mi, etí mi kò di, mo gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ohun tó rú mi lójú ni pé ta ló ní kí ẹ máa kó èéfín yín wá sọ́dọ̀ wa. Mo wá rántí pé nígbà tí o wá kẹ́yìn, o sọ fún ìyá rẹ pé bí o bá wọ aṣọ funfun jáde láàárọ̀, yóò ti dúdú kí o tó délé. Mo ní àṣé ibi tí ìyókù rẹ̀ ń lọ nìyí. Mo-ti-gbọ́, ọ̀rẹ́ mi tó ń tún kẹ̀kẹ́ ṣe, o mọ̀ ọ́n, kò sí ọ̀rọ̀ tí ènìyàn fẹ́ sọ fún un tí kò ní ti gbọ́. Òun ló là á yé mi. Ó ní báńkì ni. Ó ní bí olówó ṣe ń kó owó sí báńkì ni ìlú ń kó èéfín sínú igi, páànù tó ní nọ́ńbà yẹn ni ìwé báńkì rẹ̀. Mo bi í pé nígbà wo ni wọn yóò wá gbà á padà. Ó ní èéfín ni, ta ló fẹ́ gbà á padà. Kò yé mi, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ dá ṣáká nígbà tó ń sọ ọ́.

Onítéépù tún ní ẹ̀rọ kan wà lókè tó ń yí ayé po, tó ń ya fọ́tò igbó wa, bí igi bá dín, wọn yóò rí i. Ìyá rẹ kò fẹ́ràn ọ̀rọ̀ yìí rárá. Ìwọ náà mọ̀ pé balùwẹ̀ wa kò ní òrùlé. Láti ọjọ́ náà, agboorùn ló ń gbé wọ balùwẹ̀, ó sì ń ní kí n dúró níta kí n máa wo òkè. Mo sọ fún un pé igi ni ẹ̀rọ náà ń wò, kì í ṣe ènìyàn. Ó ní báwo ni yóò ṣe mọ̀ pé òun kì í ṣe igi bí kò bá kọ́kọ́ wò ó dáadáa. Láti ìgbà náà, mo ń dúró, mo ń wo òkè.

Irà tó wà nísàlẹ̀ oko, tí mo fẹ́ la gọ́tà sí kí omi rẹ̀ lè fà kí n gbin ẹ̀fọ́, ó ní kí n má fọwọ́ kàn án. Ó ní ẹrẹ̀ dúdú yẹn ń tọ́jú ju igbó lọ, bí omi rẹ̀ bá fà, yóò bẹ̀rẹ̀ sí í tú ohun tó ti tọ́jú jáde. Ó wa ilẹ̀ díẹ̀ níbẹ̀, ó rọ ọ́ sínú ọ̀rá, ó gbé e lọ. Mo ti ń roko láti kékeré, n kò rí ẹni tó wá kó erùpẹ̀ ènìyàn lójúmọmọ rí, tó tún ní ẹ ṣeun. Ó ní kí a má sun oko lọ́dún yìí pẹ̀lú, kí a gé koríko kí a tẹ́ ẹ sílẹ̀ kó jẹrà. Mo ṣe é. Àwọn ènìyàn ń kọjá, wọ́n ń bi ìyá rẹ pé ṣé ara mi kò yá ni. N kò ní purọ́, ilẹ̀ náà rọ̀, ekòló pọ̀ nínú rẹ̀, òjò sì dá dúró díẹ̀ láìjẹ́ pé àgbàdo rọ. Ìyẹn náà rú mi lójú, torí pé mo ti múra láti sọ pé mo wí bẹ́ẹ̀.

Ó kan igi ẹ̀yìn yàrá rẹ wàyí. Èyí tí o máa ń so okùn mọ́ nígbà tí o wà ní kékeré, tí o ń fi í ṣeré títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Onítéépù wọ̀n ọ́n, ó yà á lẹ́nu bó ṣe sanra tó, ó sì kan páànù mọ́ ọn. Kò pẹ́ tó lọ tí ojú ìṣó náà bẹ̀rẹ̀ sí í sun. Nǹkan kan ń kán níbẹ̀, ó dúdú, ó lẹ̀ mọ́ ọwọ́. Ìyá rẹ pè mí, ó ní kí n wá wò ó, báńkì yín ti ń jò. Mo yọ́ àbẹ́là lé ojú ibẹ̀, òun náà ya ìborùn rẹ̀ àtijọ́, ó fi dì í yíká. Mo rò pé igi náà ti kún ni. Ó ti dàgbà, ìlú yín sì tóbi.

Ẹ̀yìn rẹ̀ ni káfíńtà wá bá mi tún àga ṣe, ó wo ìdí igi náà, ó mi orí. O mọ̀ pé ó ti pẹ́ tó ti ń tẹ̀ sórí yàrá rẹ. Káfíńtà ní gbòǹgbò ẹ̀yìn ti jẹrà, ó ní igi yìí kò ní la òjò yìí já, orí yàrá ọmọ yín ni yóò wó sí. Mo jókòó, mo ro ó. Bí mo bá gé e, èéfín odidi ìlú kan ni yóò tú síta lẹ́ẹ̀kan náà lẹ́yìnkùlé wa, níbi tí ìyá rẹ ti ń dáná, ìyá rẹ tí èéfín igi ìdáná lásán ń mú wúkọ́ títí omi yóò fi jáde lójú rẹ̀. Bí n kò bá gé e, yóò wó lu yàrá rẹ, ó sì lè jẹ́ ọjọ́ tí o bá wálé náà ni. Mo gun òkè tí fóònù ti máa ń gbọ́ràn, mo pe Onítéépù, kò lọ. Mo tún pè é lọ́jọ́ kejì, kò lọ. Òjò ti ń ṣú.

Igi kò ṣeé gbé kúrò lórí yàrá. Mo wá rí i pé yàrá ṣeé gbé kúrò lábẹ́ igi.

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe wó yàrá rẹ. Mo ká páànù orí rẹ̀, ó ti dógùn-ún, ọ̀pọ̀ rẹ̀ fọ́ sí mi lọ́wọ́. Mo wó ògiri rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, n kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni bá mi ṣe é. Mo kó bẹ́ẹ̀dì rẹ, àpótí rẹ àti àwọn ìwé ilé ìwé rẹ sínú yàrá tiwa. Férémù ilẹ̀kùn ni n kò jẹ́ kó já, èyí tí mo máa ń gbé ẹ̀yìn rẹ tì lọ́dọọdún, tí mo ń fi èédú fa ìlà sókè orí rẹ kí a lè rí bí o ṣe ga sí i. Mo fi aṣọ wé e, mo gbé e sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì wa. Nígbà tí mo parí, ilẹ̀ náà kéré débi pé mo rò pé mo ṣì í wọ̀n ni. Ó dùn mí, ọmọ mi.

Ìyá rẹ gbé ìgbálẹ̀ rẹ̀, ó wá dúró sórí ilẹ̀ yàrá náà. O mọ̀ pé láti ìgbà tí o ti lọ, kò sí ọ̀sẹ̀ tí kò gbá yàrá náà, tí kò tẹ́ bẹ́ẹ̀dì, kí o má baà dé lójijì kí o bá eruku. Ó ní irú bàbá wo ló ń wó yàrá ọmọ rẹ̀ nítorí igi. Mo ní èéfín àwọn ọmọ wa ló wà nínú rẹ̀. Ó ní ọmọ òun kì í ṣe èéfín. Ó ní bí o kò ṣe rójú wá nígbà tí yàrá wà, ṣé ìgbà tí kò sí yàrá ni o máa wá. Ó ní bí o bá tilẹ̀ dé, o ò ní rí ibi gbé báàgì kalẹ̀, o máa yí padà sínú mọ́tò ni. Mo ní yóò sùn lọ́dọ̀ wa. Ó ní yàrá àlejò nìyẹn, kì í ṣe yàrá ọmọ. Mo jáde lọ wo ewúrẹ́.

Òjò náà dé lọ́sàn-án ọjọ́ kan, atẹ́gùn rẹ̀ burú. Mo gbọ́ ohun kan tó fà ya nínú ilẹ̀, mo sì mọ ohun tó jẹ́. Mo ti ìyá rẹ jáde síwájú ilé pẹ̀lú aṣọ tútù nímú, mo fi aṣọ bo imú tèmi náà, mo sáré yí ilé ká. Igi náà wó kalẹ̀ gbàgàdà, orí ilẹ̀ yàrá rẹ gan-an ló sùn sí, kò kan ibòmíràn. Àwọn aládùúgbò ń sáré bọ̀ láti wá ràn wá lọ́wọ́, mo ń pariwo pé kí wọ́n padà, èéfín ń bọ̀. Wọ́n kò padà, ṣùgbọ́n gbogbo wọn fi aṣọ bo imú. Bẹ́ẹ̀ la dúró nínú òjò, tọkùnrin tobìnrin, a di imú, a ń wo igi tó wà nílẹ̀. Kò sí nǹkan kan. Mo-ti-gbọ́ ní òun ti gbọ́ pé ó máa ń pẹ́ kó tó jáde. A tún dúró. Mo wá rọra ṣí imú, mo fà á díẹ̀, òórùn ewé tútù ni mo gbọ́. Ìborùn ìyá rẹ ṣì wà lára igi náà, ó rin gbingbin. Ọ̀kọ̀ọ̀kan ni àwọn ènìyàn ń lọ sílé wọn.

N kò mọ ohun tí mo lè rò. Mo ní bóyá wọ́n ti jí i kó. Mo ní bóyá ojú ìṣó yẹn ló ti jò tán. Mo ní bóyá kò tilẹ̀ sí èéfín kankan níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, mo kàn wó yàrá ọmọ mi lásán ni. Èyí tó gbẹ̀yìn yìí ló ń gbé mi jáde lóru lọ wo ilẹ̀ náà.

Onítéépù padà wá bí ilẹ̀ ṣe gbẹ. Mo rò ó fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, ó jókòó lórí ìtì igi náà, ó ń rẹ́rìn-ín. Nígbà tó bi mí pé kí ló wà níbi tí igi wó sí, tí mo ní yàrá ọmọ mi ni, kò rẹ́rìn-ín mọ́. Ó ní kí n má bínú, òun ni kò ṣàlàyé dáadáa. Ó ní páànù yẹn wà fún kí òun lè dá igi mọ̀ nígbà tí òun bá padà wá wọ̀n ọ́n ni, ó ní oje igi lásán ló ń sun níbẹ̀, igi tó bá sì ń halẹ̀ mọ́ ilé, a lè gé e bí òun bá ti gbọ́. Mo ní mo pè ọ́, kò lọ. Ó ní inú igbó kan tó jìnnà ni òun wà, fóònù kò gbọ́ràn níbẹ̀. Mo wá bi í ní ohun tó ń jẹ mí lọ́kàn, mo ní èéfín náà dà. Ó ní kò lọ síbì kankan. Ó ní kì í ṣe èéfín mọ́, igi ti fi ṣe igi. Ó fọwọ́ gbá ìtì náà, ó ní Bàbá, ohun tí ẹ ń wá nìyí, òun náà ni a jókòó lé.

Ọmọ mi, ó wá rú mi lójú ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Mo bi í pé èyí tó ń ba aṣọ funfun ọmọ mi jẹ́ ńkọ́, ṣé ó wà níbí. Ó ní èyí tó ń dọ̀tí aṣọ yàtọ̀ díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹnu kan náà ni wọ́n ti ń jáde. Ó ní èémí ènìyàn pàápàá wà nínú ohun tí igi ń fà. Mo ní ti ọmọ mi ńkọ́. Ó wò mí, ó ní afẹ́fẹ́ kò ní ààlà, Bàbá, ó lè wà níbẹ̀. Ó ní bí a kò bá sun igi náà, tí a kò sì jẹ́ kó jẹrà, tí a là á sí pákó tí a fi kọ́lé tí òjò kò pa, ibẹ̀ ni yóò wà títí àwọn ọmọ rẹ yóò fi hu ewú. Ìyá rẹ ti ń gbọ́ láti ẹnu ọ̀nà ilé ìdáná. Ó jáde, ó ní bó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀ ni, yàrá ni kí wọ́n fi kọ́.

A ti la igi náà. Ẹni tó là á fún wa lo ẹ́ńjìnnì, ẹ́ńjìnnì náà sì ń tú èéfín, mo bi Onítéépù pé ibo ni èyí yóò lọ, ó ní àwọn igi tó kù yóò fa díẹ̀ nínú rẹ̀. Mo lọ bẹ̀ wọ́n. Ó fún wa ní irúgbìn igi méjì kí a fi rọ́pò èyí tó wó, ìyá rẹ ló yan ibi tí a gbìn wọ́n sí, ó jìnnà sí ilé débi pé mo ń sinmi lọ́nà kí n tó dé ibẹ̀. Káfíńtà ti gbé òpó yàrá nàró, ó ti kan pákó ògiri ẹ̀gbẹ́ mẹ́ta, férémù ilẹ̀kùn rẹ sì ti padà sáyè rẹ̀ pẹ̀lú gbogbo ìlà rẹ̀.

Ohun tó kù ni ìṣó, páànù òrùlé àti kọ́kọ́rọ́ kan tó dáa. Bí ọwọ́ rẹ bá gbé e, fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ sí wa, bí kò bá sì gbé e, má yá owó nítorí wa. Má fi í ránṣẹ́ sórí fóònù mi o. Fóònù náà ti sán lẹ́gbẹ̀ẹ́, mo fi rọ́bà dì í, n kò fẹ́ kí owó ti ibẹ̀ já sílẹ̀ lọ́nà. Fi í sórí fóònù Mo-ti-gbọ́, tirẹ̀ ṣì dì dáadáa.

Ọlọ́run yóò jẹ́ kí o rí owó ná, kí o rí ayé gbádùn. Ilẹ̀ tí o bá tẹ̀ yóò rọ̀ fún ọ, afẹ́fẹ́ tí o bá fà sínú yóò jẹ́ ti àlàáfíà, a kò ní fi ojú sunkún rẹ, ìwọ náà kò ní pẹ́ kí o tó fi ojú kàn wá. Àárò rẹ ń sọ wá, mo kọ ọ́ síbí kó má baà jẹ́ pé o kò mọ̀. Yàrá náà kò tíì ní òrùlé, síbẹ̀ ìyá rẹ ti ń gbá a. Èéfín ìlú yín ti wálé, ó ti wọ inú ògiri yàrá rẹ, ó ti jókòó. Ìwọ ló kù.

Èmi ni, bàbá rẹ.